Kúkù Tí Mo Rò Le Jù ní Ọjà Bridgetown

Màmá mi àgbà ní Ilé-Ifẹ̀,

Ẹ kú ilé o, ẹ kú ìsimi, ẹ kú ojú lọ́nà wa. Ọmọ yín wà lórí ìkúnlẹ̀ ní Barking, ní London níbí. Orí kápẹ́ẹ̀tì ni mo kúnlẹ̀ sí, ẹ má rò pé ilẹ̀ tútù ni. Ṣé ara yín le? Ṣé orúnkún yín ti fúyẹ́ díẹ̀? Mo kí Bùrọ̀dá Wálé àti ìyàwó wọn, mo kí Àǹtí Bọ́sẹ̀, mo kí gbogbo ọmọ ilé, títí kan ẹni tó ń ka lẹ́tà yìí sí yín létí, torí mo mọ̀ pé ẹ̀yin àti ìwé wẹ́wẹ́ kì í rẹ́.

Inú ìwé ìròyìn ṣọ́ọ̀ṣì wa ni mo ní kí wọ́n tẹ̀ ẹ́ sí, kí àwọn ọmọ tí wọ́n kó wá sí ìlú yìí ní kékeré bíi tèmi lè rí i kà. Àǹtí tó ń kọ́ wa ní Yorùbá bá mi fi àmì sórí ọ̀rọ̀, àmọ́ ọ̀rọ̀ náà, tèmi ni láti òkè délẹ̀. Níbi tí mo bá ti ṣì í, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fojú fò ó.

Ẹ béèrè iṣẹ́ mi lọ́jọ́ tí ẹ pè. Mo ṣì wà ní ilé ìkẹ́rùsí ní Dagenham Dock, lẹ́bàá odò. Oúnjẹ inú agolo àti ti inú páálí là ń dì fún àwọn ọlọ́kọ̀ akẹ́rù. Òtútù ibẹ̀ kì í ṣe ọyẹ́ tí ẹ mọ̀. Ọyẹ́ a máa gbẹ èèyàn létè, èyí a máa wọ egungun lọ. Aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ báyìí, ilẹ̀ ti ṣú. Mo ti kúrò lọ́dọ̀ Mọ́mì ní òpópónà Alibon, mo gba yàrá kan ní òpópónà Longbridge ní Barking níbí, mo sì ń sọ fún gbogbo ayé pé mo ti dàgbà. Ṣùgbọ́n ọjọ́ mìíràn wà, Màmá, tó jẹ́ pé ohun kan ṣoṣo tó bá mi sọ̀rọ̀ lẹ́yìn iṣẹ́ ni ẹ̀rọ tó ń pe orúkọ ibùdókọ̀ nínú bọ́ọ̀sì.

Ibi iṣẹ́ yẹn náà ni Ọlọ́run ti fún mi ní ọ̀rẹ́. Keisha ni orúkọ rẹ̀. Dagenham ni wọ́n bí i sí, ṣùgbọ́n Barbados ni ìyá ìyá rẹ̀ ń gbé, erékùṣù kékeré kan láàárín òkun, níbi tí wọ́n kó àwọn èèyàn wa lọ láyé ẹrú láti máa gbin ìrèké. Nígbà tí ìròyìn dé pé ìyá àgbà náà ṣubú, tí ọrùn-ọwọ́ ọ̀tún wọn sì ṣẹ́, Keisha kò lè jẹun mọ́. Ó fẹ́ lọ wò wọ́n, ṣùgbọ́n kò fẹ́ dá lọ. Mo ní kí ló dé tí yóò fi dá lọ nígbà tí èmi wà láyé? Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ kó àjọ ni. Mọ́mì gbọ́, wọ́n ní ṣé ìyá àgbà tèmi ní Ifẹ̀ kò ní ọrùn-ọwọ́ ni, tí mo fi ń lọ wo ti ẹlòmíì. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí wọra, torí òótọ́ ni. Ẹ forí jì mí, Màmá. Wọ́n tún ní erékùṣù ọlọ́tí ni ibi tí mo ń lọ, kí n má gbàgbé aṣọ funfun tí mo ń wọ̀ lọ síwájú pẹpẹ.

Ọjọ́bọ̀ la dé. Bí mo ṣe yọ orí lẹ́nu ọ̀nà ọkọ̀ òfuurufú ni ooru ti gbá mi mọ́ra bí àǹtí tó ti pẹ́ tó rí mi. Ìyá àgbà náà ga, wọ́n sì tín-ín-rín, wọ́n fi aṣọ gbé ọwọ́ kọ́rùn. Mo ti kúnlẹ̀ kí wọn kí n tó rántí ibi tí mo wà. Wọ́n fò sẹ́yìn, wọ́n ní kí ni mo ń wá nílẹ̀, ṣé owó mi ló bọ́ ni? Nígbà tí mo ṣàlàyé, wọ́n ní ó dáa, kí n yáa kúnlẹ̀ ọ̀hún dáadáa, torí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí Keisha, kò kúnlẹ̀ kí àwọn rí. Torí pé ọjà ni gbogbo ọ̀rọ̀ wọn, mo sọ wọ́n ní Màmá Ọlọ́jà. Wọ́n bi mí ìtumọ̀ rẹ̀, mo sọ fún wọn, wọ́n sì ń jẹ́ orúkọ náà lójú ẹsẹ̀.

Kì í ṣe ọwọ́ tó ṣẹ́ ló ń dùn wọ́n. Àyè wọn lọ́jà ni. Láti ìgbà tí ìyá Keisha ti wà lẹ́yìn wọn ni wọ́n ti ń ta oúnjẹ kan tí wọ́n ń pè ní kúkù, ní igun kan náà, ní gbogbo Sátidé. Òfin ọjà wọn sì ni pé àyè tó bá ṣófo ní Sátidé mẹ́ta léra wọn ti di ti ẹlòmíì. Àwọn tó ń retí àyè pọ̀ nínú ìwé alábòójútó ọjà. Sátidé méjì ti kọjá tí Màmá Ọlọ́jà ti jókòó sílé. Ọ̀túnla ni ẹ̀kẹta. Wọ́n sọ ọ́ bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ òjò tó rọ̀ lánàá, ṣùgbọ́n mo rí i pé wọn ò fọwọ́ kan abọ́ oúnjẹ wọn.

Màmá, kúkù yìí kò jìnnà sí ohun tí ẹ mọ̀. Ìyẹ̀fun àgbàdo ni. Wọ́n á se ilá tí wọ́n gé wẹ́wẹ́, wọ́n á fi omi ilá yẹn ro ìyẹ̀fun lórí iná, wọ́n á máa fi igi pẹlẹbẹ kan yí i títí yóò fi jinná, wọ́n á wá da ọbẹ̀ ẹja lé e. Nígbà tí Màmá Ọlọ́jà fa igi náà yọ lẹ́yìn ilẹ̀kùn, mo pariwo. Ọmọrogùn ni! Ọmọrogùn gidi, tí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kan ti fẹ́lẹ́ nítorí lílò. Mo ní mo mọ nǹkan yìí, a ní in nílé, láti kékeré ni mo ti ń dì í mú. Keisha kò mọ nǹkan kan sè ju ẹyin díndín lọ. Ni mo bá là á mọ́lẹ̀ pé èmi ni n ó ro kúkù Sátidé, kò sí ẹni tí yóò gba àyè kankan. Ẹnu mi yá ju ọwọ́ mi lọ, ẹ mọ̀ mí.

Lọ́jọ́ Ẹtì, a lọ ra nǹkan sílẹ̀ lọ́jà Bridgetown, olú ìlú wọn. Á à, Màmá, ìbá ṣe pé ẹ wà níbẹ̀! Iṣu, kókò, gbágùúdá, ilá, ọ̀gẹ̀dẹ̀, àgbọn, ata rodo tó pọ́n bí ìyeyè. Ẹja kan wà tó ní ìyẹ́ bí ẹyẹ, òkè omi ló ti máa ń fò. Wọ́n la ikùn rẹ̀ tẹ́jú lórí igi, wọ́n ń fi ọbẹ kékeré yọ egungun rẹ̀ bí ẹni tó ń tú okùn bàtà. Wọ́n ń din àkàrà kan tí kì í ṣe ẹ̀wà, ẹja oníyọ̀ àti ìyẹ̀fun ni. Mo jẹ mẹ́fà kí Keisha tó parí ọ̀kan. Ní ìdí igi kan, mo bá jalókè pàdé, èso jalókè tí ẹ máa ń gún fún Mọ́mì bí iyán! Mo dúró níwájú rẹ̀ bí ẹni tó rí ìbátan ní ìlú tí kò retí. Iná ni wọ́n ń gbé e sí níbẹ̀ títí èèpo rẹ̀ yóò fi dúdú. Mo sọ fún obìnrin tó ń tà á pé ní ìlú ìyá mi, inú odó la ti ń gún un. Ó wò mí tìyanu-tìyanu, ó ní kí ló ṣe fún yín tí ẹ fi ń gún un?

Nígbà tí a padà délé, mo ro kúkù àkọ́kọ́ fún ìdánrawò. Bí Mọ́mì ṣe kọ́ mi láti máa te ẹ̀bà ni mo ṣe rò ó. Ẹ sì mọ ẹ̀bà Mọ́mì. Wọ́n ní èyí tí kò bá lè dá dúró, ọbẹ̀ ni, kì í ṣe ẹ̀bà. Mo fi gbogbo agbára yí i, mo ń fi ìyẹ̀fun kún un, títí ó fi dì, tó ń dán, tó gúnwà sáàárín ìkòkò. Mo gbé e síwájú Màmá Ọlọ́jà bí ẹni tó gbé adé. Wọ́n fi fọ́ọ̀kì gún un, fọ́ọ̀kì náà dúró ṣánṣán. Wọ́n ní ṣé kí àwọn ta àsíá mọ́ ọn ni? Kúkù tiwọn gbọ́dọ̀ rọ̀, kí ó máa yọ̀ lórí abọ́, fọ́ọ̀kì ni wọ́n fi ń jẹ ẹ́. Mo ro òmíràn. Ó rọ̀. Wọ́n ní ó kù díẹ̀ káàtó, ṣùgbọ́n yóò ṣeé tà.

Ọ̀rẹ́ wọn kan, Mísítà Kọ́lì, bàbá arúgbó tó fi gbogbo ìgbà èwe wọn gé ìrèké, ń wò wá láti ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù ọtí tó wà ní òdìkejì ilé. Ilé kékeré aláwọ̀ búlúù ni ṣọ́ọ̀bù náà, tábìlì méjì, ayò dómínò, àti ìgò ọtí rọ́ọ̀mù láti ilẹ̀ dé àjà. Mísítà Kọ́lì ṣàlàyé fún mi bí wọ́n ṣe ń ṣe ọtí náà. Wọ́n á fún omi ìrèké, wọ́n á sè é di ṣúgà. Ohun dúdú tó ń fà bí oyin tó bá ṣẹ́kù, òun ni wọ́n á fi pamọ́ kí ó kan, wọ́n á wá sè é, wọ́n á gba ooru rẹ̀ bí àwọn ará ilé ṣe ń gba ti ògógóró, wọ́n á sì tì í mọ́ inú àgbá onígi fún ọ̀pọ̀ ọdún. Wọ́n ní kí n gbóòórùn rẹ̀. Ó ń ta sánsán bí ọsàn àti igi tí iná ń jó. Kí wọ́n tó fi kan ẹnu, wọ́n kọ́kọ́ ta díẹ̀ sílẹ̀ fún àwọn tó ti lọ. Kò sí ẹni tó kọ́ wọn ní ilé ìwé, Màmá. Wọ́n kàn bá a lọ́wọ́ bàbá wọn ni. Nígbà tí wọ́n nawọ́ ife sí mi, mo ní Aládùúrà ni mí, a kì í mu ọtí. Wọ́n ní ẹni tó wá sí Barbados tí kò mu rọ́ọ̀mù dà bí ẹni tó lọ wẹ̀ tí kò bọ́ bàtà. Mo rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n n kò gbà á.

Ọjọ́ wá pé. Màmá Ọlọ́jà gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ lọ rí nọ́ọ̀sì kí wọ́n tó lè wá sọ́jà, nítorí náà èmi àti Keisha la ṣáájú, pẹ̀lú àpò ìyẹ̀fun kan ṣoṣo tó kù nílé. Òjò ń ṣú. Iná èédú ń kú, ó ń jí. Alábòójútó ọjà, obìnrin kúkúrú tó há ìwé mọ́ abíyá, dúró lórí wa, ó ní bí abọ́ kan kò bá tà kí aago méjìlá ọ̀sán tó lù, àyè ṣófo ni òun ó kọ sílẹ̀. Ẹ̀rù bà mí. Bí ẹ̀rù sì ṣe bà mí, ọwọ́ mi gbàgbé ẹ̀kọ́ àná, ó sá padà sí kíṣìnnì Mọ́mì. Nígbà tí mo fi máa wo inú ìkòkò, ẹ̀bà ló wà níbẹ̀.

Keisha bú sẹ́kún. Obìnrin tó ń ta ẹja díndín lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa na ọrùn wò ó, ó ní háà, àwọn ọmọ London ti se bíríkì o! Ó ké sí àwọn tó kù pé kí ẹni tó bá ń kọ́lé máa bọ̀. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí. Àwọn méjì tó fẹ́ rà yíjú padà lọ sọ́dọ̀ rẹ̀. Mo rí àyè Màmá Ọlọ́jà tó ń bọ́ lọ lójú mi báyìí, nítorí ẹnu mi tó yá.

Mo wo kúkù, kúkù wò mí. Mo wá bi ara mi pé, ta ló tiẹ̀ ní ó bàjẹ́? Ní ilé wa, èyí tó rọ̀ ló bàjẹ́.

Mo nu ojú Keisha, mo ní kí ó wá omi àti ọṣẹ. Mo bu kúkù náà ní roboto-roboto, mo fi omi dán an lára, mo to ọ̀kọ̀ọ̀kan sínú abọ́, mo da ọbẹ̀ ẹja sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, mo sì kó gbogbo fọ́ọ̀kì sábẹ́ tábìlì. Mísítà Kọ́lì ló kọ́kọ́ dé. Wọ́n béèrè fọ́ọ̀kì, mo ní kò sí, ọwọ́ la fi ń jẹ ẹ́. Obìnrin ẹlẹ́ja náà ní ṣé àwọn di ọmọ ọwọ́ ni? Mo bu omi sí ọwọ́ Mísítà Kọ́lì, mo fi hàn wọ́n bí wọn yóò ṣe gé e, bí wọn yóò ṣe yí i, bí wọn yóò ṣe fi àtàǹpàkò tẹ àárín rẹ̀ kí ó lè bu ọbẹ̀. Wọ́n bi mí ohun tí wọ́n ń pè é. Mo ní òkèlè. Wọ́n fi sẹ́nu, wọ́n di ojú. Gbogbo wa ń wò wọ́n. Nígbà tí wọ́n la ojú, wọ́n ní kí ni Màmá Ọlọ́jà ti ń fi fọ́ọ̀kì tan àwọn jẹ fún láti ọjọ́ yìí wá?

Bí wọ́n ṣe jẹ ẹ́ tán, mo gé òkèlè kan àti ẹja díẹ̀ sí i. Wọ́n ní àwọn kò sanwó ìyẹn. Mo ní èènì ni. Mo ní níbi tí mo ti wá, ọlọ́jà tí kò bá fún ọ ní èènì kò fẹ́ kí o padà wá. Keisha fi ẹsẹ̀ tẹ ẹsẹ̀ mi lábẹ́ tábìlì, ó ní mo fẹ́ fi ọjà ìyá àgbà òun tọrẹ. Mísítà Kọ́lì ti yíjú sí ìta, wọ́n ń ké sí gbogbo àwọn ará ṣọ́ọ̀bù ọtí tí wọ́n wá sọ́jà. Màmá, àwọn èèyàn ya wá! Awakọ̀, oníṣẹ́ báńkì tó ká apá ṣẹ́ẹ̀tì sókè, àwọn ìyá tó gbé ọmọ dání. Wọ́n ń fọwọ́, wọ́n ń jẹ, wọ́n ń lá ìka, wọ́n ń béèrè èènì bí ẹni pé wọ́n bí wọn mọ́ ọn.

Àárín èrò yẹn ni Màmá Ọlọ́jà dé bá wa. Wọ́n rí i pé gbogbo ìlú ń fi ọwọ́ jẹ kúkù àwọn, ojú wọn sì le. Wọ́n jókòó, wọ́n na ọwọ́ òsì sí abọ́, torí ọ̀tún wà nínú aṣọ. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé n kò lè wò ó. Kí àgbàlagbà máa fi òsì jẹ òkèlè níṣojú mi? Mo di ọwọ́ wọn mú, mo kúnlẹ̀ sórí sìmẹ́ǹtì, mo gé òkèlè kékeré, mo rì í bọ inú ọbẹ̀, mo fi sí wọn lẹ́nu. Ẹnìkan kígbe láti ẹ̀yìn pé kí wọ́n wo ìyàwó tuntun! Màmá Ọlọ́jà jẹ ẹ́ pẹ́. Omi wá lé ròrò sí wọn lójú. Wọ́n ní báyìí gan-an ni ìyá ìyá àwọn ṣe máa ń fi ọwọ́ bọ́ àwọn láti inú ìkòkò kan, kí àwọn tó lọ sílé ìwé tí wọ́n ní kí àwọn má fi ọwọ́ jẹun bí ẹranko mọ́. Wọ́n ní kí n gé òmíràn. Kí n gé e tóbi.

Alábòójútó ọjà jẹ abọ́ méjì, ó sì gba èènì rẹ̀ láìtijú. Kò tíì tó aago mọ́kànlá tí ìkòkò fi gbẹ. Níṣojú wa ni ó ṣí ìwé rẹ̀, ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé àyè náà kún, Màmá Ọlọ́jà ló ni ín. Keisha fò mọ́ mi, a jọ fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣubú lu iná.

A ṣe àjọyọ̀ nílé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Wọ́n gé kéèkì dúdú kan fún mi, ó rọ̀, ó dùn, ó kún fún èso. Mo jẹ ègé mẹ́ta. Ìgbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín sí àga ni Mísítà Kọ́lì wá sọ fún mi pé ọdún kan gbáko ni èso inú rẹ̀ fi wà nínú rọ́ọ̀mù. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi ń di igi mú. Mọ́mì, mo mọ̀ pé ẹ̀ ń kà á. N kò mu ún o, jíjẹ ni mo jẹ ẹ́, n kò sì mọ̀. Mo ti gba ààwẹ̀ ọjọ́ kan fún un. Màmá, ẹ bá mi bẹ̀ wọ́n.

Ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni Màmá Ọlọ́jà pè mí lórí fóònù, mo wà ní ibi iṣẹ́, ìbọ̀wọ́ méjì wà lọ́wọ́ mi nítorí òtútù. Wọ́n ti ń fi ọwọ́ ọ̀tún gbé nǹkan díẹ̀díẹ̀, ọmọ ìyàwó àbúrò wọn ló ń bá wọn ro kúkù. Wọ́n ní ìkòkò méjì ni àwọn ń gbé lọ sọ́jà ní Sátidé báyìí, ọ̀kan rírọ̀, ọ̀kan òkèlè, òkèlè ló sì máa ń kọ́kọ́ tán. Wọ́n ní obìnrin ẹlẹ́ja náà ti gbé abọ́ omi ìfọwọ́ síwájú tirẹ̀, ṣùgbọ́n ahun ni, kì í fún èèyàn ní èènì, nítorí náà ọ̀dọ̀ àwọn ni èrò wà. Bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ni mò ń gbọ́ ariwo ọjà lẹ́yìn wọn. Orí àga wọn ni wọ́n ti ń pè mí, ní igun wọn.

Màmá mi àgbà, n ó wá sí Ifẹ̀ ní ọdún Àjíǹde. Mo ti gba ìsinmi lẹ́nu iṣẹ́. Ọlọ́run yóò dá ẹ̀mí yín sí, ẹsẹ̀ yín kò ní yẹ̀, ojú yín yóò rí ire gbogbo wa, ẹ ó jèrè ọmọ pẹ́. Ẹ bá mi kí ará ilé, ẹ kí ará ọ̀nà, ẹ kí gbogbo ẹni tó bá béèrè mi àti ẹni tí kò béèrè. Kí ilé san yín.

Èmi ni ọmọ yín tòótọ́,
Mojísọ́lá